Paulin Soumanou Vieyra: Ọmọ Àjàṣẹ́ tí òfin amúnisìn kò jẹ́ kó ya fíìmù nílẹ̀ baba rẹ̀

Ní ọdún 1955, àwọn ọ̀dọ́kùnrin mélòó kan láti ilẹ̀ Adúláwọ̀ gbé kámẹ́rà bọ́ sí ìgboro Paris, wọ́n sì bẹ̀rẹ̀ sí í ya àwòrán àwọn ènìyàn dúdú tó ń gbé ìlú náà. Kì í ṣe Paris ló kọ́kọ́ wà lọ́kàn wọn. Ilẹ̀ baba wọn ni wọ́n fẹ́ lọ yà, ṣùgbọ́n ìjọba Faransé kò fún wọn ní ìyọ̀ǹda.

Fíìmù tí wọ́n ṣe níbẹ̀, Afrique-sur-Seine, kò ju nǹkan bí ogún ìṣẹ́jú lọ. Síbẹ̀, òun ni ọ̀pọ̀ ìwé ìtàn fi ń bẹ̀rẹ̀ nígbà tí wọ́n bá fẹ́ sọ bí àwọn ènìyàn dúdú láti ìsàlẹ̀ aginjù Sàhárà ṣe bẹ̀rẹ̀ sí í fi kámẹ́rà sọ ìtàn ara wọn.

Paulin Soumanou Vieyra, ọmọ bíbí Àjàṣẹ́, ló ṣáájú wọn. Ó lo ọgbọ̀n ọdún ó lé lẹ́yìn ìgbà náà nídìí iṣẹ́ fíìmù, gẹ́gẹ́ bí olùdarí, òṣìṣẹ́ ìjọba, olùkọ́ àti òǹkọ̀wé. Bí orúkọ Ousmane Sembène ti Senegal ṣe gbòde kan tó, ọ̀pọ̀ ènìyàn ni kò mọ ẹni tó dúró tì í lẹ́yìn.

Orúkọ mẹ́ta, ìtàn ìlú kan

Ọjọ́ kọkànlélọ́gbọ̀n, oṣù Kìíní, ọdún 1925 ni wọ́n bí Vieyra ní Àjàṣẹ́, ìlú tí àwọn Potogí sọ ní Porto-Novo. Ìlú náà ni olú-ìlú Dahomey lábẹ́ ìjọba Faransé nígbà náà, Dahomey yìí náà la sì ń pè ní orílẹ̀-èdè Benin lónìí.

Àjàṣẹ́ kì í ṣe ìlú àjèjì sí ọmọ Yorùbá. Ó ti pẹ́ tí àwọn Ògù àti Yorùbá ti jọ ń gbé ibẹ̀, tí ọ̀nà omi àti ọ̀nà ọjà sì so ìlú náà pọ̀ mọ́ Àgbádárìgì àti Èkó. Ààlà tí àwọn òyìnbó fà sáàárín Faransé àti Gẹ̀ẹ́sì ló gba àárín àwọn ẹbí kọjá.

Orúkọ ọkùnrin yìí gan-an ru ìtàn ìlú náà. Paulin jẹ́ orúkọ ìsàmì àwọn Kristẹni. Soumanou ni èyí tí àwọn Mùsùlùmí ilẹ̀ Yorùbá mọ̀ sí Sùmọ́nù. Vieyra jẹ́ orúkọ Potogí, irú èyí tó wọ́pọ̀ láàárín àwọn Àgùdà, ìyẹn àwọn ìdílé tó ní í ṣe pẹ̀lú ìpadàbọ̀ láti Brazil lẹ́yìn oko ẹrú.

Kò tíì ju nǹkan bí ọmọ ọdún mẹ́wàá lọ tí wọ́n fi rán an lọ sí ilé ìwé ní orílẹ̀-èdè Faransé. Ibẹ̀ ló dàgbà sí, ibẹ̀ sì ni Ogun Àgbáyé Kejì bá a. Ọmọ tó kúrò nílé ní kékeré bẹ́ẹ̀ kò ní ohun púpọ̀ tó lè fi rántí ilé ju ohun tí àwọn ẹlòmíràn bá fi hàn án lọ. Ohun tí sinimá ìgbà náà sì ń fi hàn nípa Áfíríkà kò dára létí, bẹ́ẹ̀ ni kò dára lójú: igbó, ẹranko, àti ènìyàn dúdú tí kò ní orúkọ, tí kò sì ní ọ̀rọ̀ lẹ́nu ju kó ru ẹrù òyìnbó lọ.

Ọ̀rọ̀ yìí ni Vieyra padà wá kọ nípa rẹ̀ léraléra. Lójú tirẹ̀, fíìmù àwọn amúnisìn kì í ṣe eré lásán. Ó ń kọ́ òyìnbó láti fojú kéré ènìyàn dúdú, ó sì ń kọ́ ènìyàn dúdú náà láti fojú kéré ara rẹ̀.

Òfin tó ti ilẹ̀kùn mọ́ kámẹ́rà

Ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1950, Vieyra wọ ilé ẹ̀kọ́ sinimá tó lókìkí jùlọ ní Faransé, èyí tí gbogbo ayé mọ̀ sí IDHEC. Òun ni ènìyàn dúdú àkọ́kọ́ láti ìsàlẹ̀ aginjù Sàhárà tó gboyè jáde níbẹ̀. Ní ọdún 1954, nígbà tó ṣì wà lẹ́nu ẹ̀kọ́, ó ṣe fíìmù kékeré kan tó pe àkọlé rẹ̀ ní C'était il y a quatre ans.

Ọ̀pọ̀ ọdún lẹ́yìn náà, ilé ẹ̀kọ́ yìí kan náà ni Ọlá Balógun, ọmọ Nàìjíríà tó darí fíìmù Àjàní Ògún, gbà kọjá.

Ṣùgbọ́n ìwé ẹ̀rí kò tó láti ṣílẹ̀kùn. Láti ọdún 1934 ni àṣẹ kan ti wà nílẹ̀, èyí tí wọ́n fi orúkọ Pierre Laval pè, nítorí pé òun ni mínísítà tó ń bójú tó àwọn ilẹ̀ tí Faransé ń ṣàkóso lé lórí nígbà náà. Àṣẹ náà ni pé ẹnikẹ́ni tó bá fẹ́ ya fíìmù ní àwọn ilẹ̀ Áfíríkà tó wà lábẹ́ Faransé gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ gba ìyọ̀ǹda. Wọn yóò yẹ ìtàn tó fẹ́ yà wò, wọn yóò sì yẹ irú ènìyàn tó jẹ́ wò pẹ̀lú.

Lórí ìwé, òfin náà kò dárúkọ àwọ̀ ẹnikẹ́ni. Nínú ìṣe, ọwọ́ ọmọ ilẹ̀ Adúláwọ̀ ló dè. Ẹni tó bá ń yìn ìjọba lè yà bó ṣe fẹ́. Ẹni tí wọ́n bá fura sí kò ní rí ìwé gbà.

Ìjìyà rẹ̀ kì í ṣe eré. René Vautier, ọ̀dọ́mọkùnrin Faransé kan, lọ sí ìwọ̀-oòrùn Áfíríkà láti ya fíìmù fún àwọn ọmọ ilé ìwé. Ohun tójú rẹ̀ rí níbẹ̀ kọjá ohun tí wọ́n rán an, ó sì ṣe Afrique 50, tó tú àṣírí ìwà ìkà àwọn amúnisìn. Ẹ̀wọ̀n ló gbà bọ̀. Fíìmù mìíràn, Les statues meurent aussi, tí Chris Marker àti Alain Resnais ṣe nípa àwọn ère ilẹ̀ Adúláwọ̀ ní ọdún 1953, kò rí ojú ọjọ́ bó ṣe yẹ fún ọ̀pọ̀ ọdún nítorí pé ìjọba fi òfin dè é.

Bí wọ́n bá lè ṣe bẹ́ẹ̀ sí ọmọ ilẹ̀ Faransé fúnra rẹ̀, kò ṣòro láti mọ ohun tó ń dúró de ọmọ Dahomey.

Áfíríkà létí odò Seine

Vieyra kò dá nìkan wà. Òun, Mamadou Sarr, Jacques Mélo Kane àti Robert Caristan kóra jọ, wọ́n sì sọ ara wọn ní ẹgbẹ́ sinimá àwọn ọmọ Áfíríkà. Nígbà tí ọ̀nà ilé dí, wọ́n rí i pé Áfíríkà kan wà nítòsí tí òfin Laval kò dé ọ̀dọ̀ rẹ̀, ìyẹn Áfíríkà tó ń gbé ní Paris.

Àwọn ọmọ ilé ẹ̀kọ́ gíga wà níbẹ̀, tí ìwé ń gbé kiri. Àwọn tó ń gbálẹ̀ òpópónà wà níbẹ̀, àti àwọn tí kò ríṣẹ́ rárá. Àwọn kan ti fẹ́ òyìnbó, àwọn kan ń jókòó sí ilé ọtí pẹ̀lú ọ̀rẹ́ láti oríṣiríṣi ilẹ̀, àwọn kan sì wà nínú èrò, ṣùgbọ́n tí kò sẹ́ni tó rí wọn.

Ìbẹ̀rẹ̀ Afrique-sur-Seine fi àwọn ọmọdé hàn tí wọ́n ń ṣeré nínú odò nílẹ̀ Áfíríkà. Láti ibẹ̀ ni fíìmù náà ti fò lọ sí Paris, sí àdúgbò àwọn akẹ́kọ̀ọ́ àti etí odò Seine. Ohùn kan ń sọ̀rọ̀ lórí àwòrán láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, ó ń sọ nípa ìrètí tí àwọn ọ̀dọ́ gbé wá sí ìlú ńlá náà àti nípa àdánù tí wọ́n bá pàdé.

Kò sí ariwo nínú fíìmù náà, kò sì sí èébú. Bó ṣe rọra ń sọ̀rọ̀ yìí ló jẹ́ kí àwọn kan sọ pé ó tutù jù fún ìgbà tí ìjàǹgbara òmìnira ń gbóná. Ṣùgbọ́n ohun tuntun tó wà nínú rẹ̀ kì í ṣe ọ̀rọ̀ tó ń sọ nìkan. Láti ọjọ́ tí àwọn òyìnbó ti ń gbé kámẹ́rà wọ Áfíríkà, àwọn ló ń wo ènìyàn dúdú. Níbí, ènìyàn dúdú ló dúró lẹ́yìn kámẹ́rà, tó ń wo Paris, tó sì ń yan ohun tó tọ́ kí aráyé rí.

Àwọn onímọ̀ kan kò gbà pé òun ni àkọ́kọ́ pátápátá. Wọ́n tọ́ka sí Mouramani, fíìmù kúkúrú tí Mamadou Touré, ọmọ Guinea, ṣe ní ọdún 1953. Àríyànjiyàn náà kò tíì tán. Ohun tí kò sí àríyànjiyàn lórí rẹ̀ ni pé iṣẹ́ Vieyra àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ló fi ipa tó jinlẹ̀ jù sílẹ̀.

Ó padà sí Áfíríkà, ṣùgbọ́n kì í ṣe sí Àjàṣẹ́

Nígbà tí àwọn ọdún 1950 ń lọ sópin, Vieyra kó lọ sí Dakar, tó jẹ́ ibùjókòó ìjọba Faransé fún gbogbo ìwọ̀-oòrùn Áfíríkà. Ó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ nídìí sinimá ìjọba. Nígbà tí Senegal gba òmìnira ní ọdún 1960, ó dúró síbẹ̀, ó sì di ọ̀gá àgbà fún Actualités Sénégalaises, ilé iṣẹ́ tó ń ṣe fíìmù ìròyìn fún orílẹ̀-èdè tuntun náà.

Nígbà náà, ẹ̀rọ amóhùnmáwòrán kò tíì dé ilé àwọn ènìyàn. Ilé sinimá ni wọ́n ti ń wo ìròyìn. Kí fíìmù tí wọ́n sanwó fún tó bẹ̀rẹ̀, wọn yóò kọ́kọ́ fi ìròyìn hàn: ààrẹ ń ṣí afárá, àlejò ń bọ̀ láti òkè òkun, ìkórè ẹ̀pà ti tó. Vieyra tẹ̀lé Ààrẹ Léopold Sédar Senghor rìnrìn àjò lọ sí ọ̀pọ̀ orílẹ̀-èdè, ó sì ya àwòrán wọn wálé.

Iṣẹ́ yìí kọ́ ọ ní ohun kan tí òmìnira lórí ìwé kò lè bò. Dakar ni wọ́n ti ń ya àwòrán, ṣùgbọ́n Paris ni wọ́n ń fi wọ́n ránṣẹ́ sí. Paris ni wọ́n ti ń fọ̀ wọ́n, ibẹ̀ ni wọ́n ti ń tò wọ́n pọ̀, kí wọ́n tó dá wọn padà sí Senegal. Orílẹ̀-èdè tó ti ní àsíá àti orin tirẹ̀ kò tíì lè wo ojú ara rẹ̀ láìkọ́kọ́ gba ọ̀dọ̀ ẹni tó ti jẹ́ ọ̀gá rẹ̀ kọjá.

Ìbéèrè kan sì wà tí àwọn tó ń ka ìtàn rẹ̀ kò yé bèèrè. Ṣé ẹni tí ìjọba ń san owó oṣù fún lè pe ara rẹ̀ ní òmìnira nídìí iṣẹ́ fíìmù? Fíìmù ìròyìn kò lè bá ààrẹ wí. Iṣẹ́ rẹ̀ ni láti fi ìjọba hàn bí ìjọba ṣe fẹ́ kí wọ́n rí i. Une nation est née, tó ṣe ní ọdún 1961 láti fi sàmì sí òmìnira Senegal, kún fún ayọ̀ àti ìgbéraga, kò sì ṣòro láti mọ ẹni tó ṣe é fún.

Vieyra kò fi iṣẹ́ náà sílẹ̀. Ọ̀nà tó yàn ni láti máa fi ọwọ́ kan ṣe ti ìjọba, kó sì máa fi ọwọ́ kejì ṣe tirẹ̀.

Ìjàkadì, ẹja pípa àti ìgbéyàwó

Ọwọ́ kejì yìí ló so èso tó pẹ́ jù. Ní ọdún 1963, ó ṣe Lamb, fíìmù kúkúrú aláwọ̀ mèremère nípa ìjàkadì ilẹ̀ Senegal. Ẹni tó bá mọ bí wọ́n ṣe ń ja ẹkẹ láyé àtijọ́ ní ilẹ̀ Yorùbá kò ní ṣàìdá ohun tó wà níbẹ̀ mọ̀. Àwọn ajìjàkadì ń múra sílẹ̀ létí òkun, ońdè wà lápá àti lọ́rùn wọn, àwọn onílù ń lù, èrò sì pé bí omi. Vieyra kò yà á bí àràmàǹdà tí àjèjì wá wò. Ó ṣàlàyé òfin eré náà, ó fi bí wọ́n ṣe ń kọ́ ọ hàn, ó sì fi han ẹni tó ń wò ó pé òfin, ìdánrawò àti iyì wà nínú ohun tí fíìmù àwọn amúnisìn ìbá kàn pè ní ijó àwọn kèfèrí.

Ní ọdún 1965, ó gbé N'Diongane jáde, láti inú ìtàn kan tí Birago Diop kọ. Ọmọbìnrin kan ló ń pe àbúrò rẹ̀ ọkùnrin ní ọkọ òun kékeré. Ìnagijẹ tó dà bí eré nínú ilé di ẹ̀sín lẹ́nu àwọn ẹlẹgbẹ́ ọmọ náà, ìtìjú yẹn sì kó ìbànújẹ́ bá ẹbí. Ní ọdún yìí kan náà ló ṣe Sindiély, tó fi ijó sọ ìtàn ọmọbìnrin kan tí bàbá rẹ̀ fẹ́ fún olówó, nígbà tí ọkàn ọmọ náà wà lọ́dọ̀ ẹlòmíràn.

Môl, tó parí ní ọdún 1966, lọ sọ́dọ̀ àwọn apẹja etíkun Senegal. Ọ̀dọ́kùnrin kan fẹ́ ra ẹ́ńjìnnì sára ọkọ̀ rẹ̀ kó lè jìnnà sí etí òkun, kó sì rí ẹja púpọ̀ kó wálé. Ohun kékeré ni lójú ẹni tó ń gbé ìlú ńlá. Ní abúlé, ó túmọ̀ sí owó tí ẹnì kan kò ní, àgbà tó ń bẹ̀rù pé ohun tuntun yóò ba ohun àtijọ́ jẹ́, àti ọ̀dọ́ tí kò fẹ́ dúró. Ọ̀pọ̀ ọdún ni fíìmù yìí gbà kó tó parí, nítorí pé owó kò sí, iṣẹ́ ìjọba sì ń pè.

Bí a bá to àwọn iṣẹ́ wọ̀nyí sẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn, ohun tó ń jẹ olùdarí náà lọ́kàn yóò hàn. Kò lọ sí ààfin, kò sì lọ sí ojú ogun. Ó lọ síbi tí àṣà àti ìgbà tuntun ti ń kan ara wọn nínú ìgbésí ayé ẹni tí kò lókìkí.

Ta ló ni ilé sinimá?

Vieyra tètè mọ̀ pé kì í ṣe ẹni tó ń ya fíìmù nìkan ló ń pinnu ohun tí àwọn ènìyàn yóò wò. Ẹni tó ni ilé sinimá ni ọ̀rọ̀ kù sí lọ́wọ́.

Ní ọ̀pọ̀ ilẹ̀ ìwọ̀-oòrùn Áfíríkà tó ń sọ èdè Faransé, ilé iṣẹ́ Faransé méjì, COMACICO àti SECMA, ló di ọjà náà mú fún ọ̀pọ̀ ọdún lẹ́yìn òmìnira. Fíìmù Amẹ́ríkà, ti Íńdíà àti ti Faransé tó ti pa owó tirẹ̀ níbòmíràn ni wọ́n ń kó wá, nítorí pé ó pọ́ọ́kú. Fíìmù tí ọmọ Dakar tàbí ọmọ Niamey fi òógùn ojú ṣe kò rí ilé tó máa wọ̀.

Ó kọ èyí sínú ìwé, ó sì ń tún un kọ. Le Cinéma et l'Afrique jáde ní ọdún 1969, láti ọwọ́ ilé ìtẹ̀wé Présence Africaine tí Alioune Diop dá sílẹ̀. Ní ọdún 1975 ni Le Cinéma africain tẹ̀lé e, ìwé ńlá tó kó ìtàn sinimá ilẹ̀ náà jọ láti ìbẹ̀rẹ̀ dé ọdún 1973, ní orílẹ̀-èdè kọ̀ọ̀kan. Títí di òní, ẹni tó bá fẹ́ mọ ẹni tó ṣe fíìmù wo, níbo àti nígbà wo, kò lè yẹ ìwé yìí sílẹ̀.

Kò dúró lórí ìwé nìkan. Ó wà lára àwọn tó dá FEPACI sílẹ̀, ẹgbẹ́ àwọn oníṣẹ́ fíìmù ilẹ̀ Áfíríkà, tó bẹ̀rẹ̀ nígbà tí àwọn ọdún 1960 ń kásẹ̀ nílẹ̀. Àsìkò náà ni àjọ̀dún sinimá FESPACO bẹ̀rẹ̀ ní Ouagadougou, ní ọdún 1969. Ní ọdún 1970, ìjọba Upper Volta, tó di Burkina Faso lónìí, gba ilé sinimá orílẹ̀-èdè náà kúrò lọ́wọ́ àjèjì. Senegal náà gbé ìgbésẹ̀ tirẹ̀ lẹ́yìn náà, ó dá ilé iṣẹ́ sinimá ìjọba sílẹ̀. Èrò tí Vieyra àti àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ ti ń polongo ti ń di òfin.

Òun àti Ousmane Sembène

Bí a bá ń sọ̀rọ̀ Sembène, a kò lè ṣàì dárúkọ Vieyra. Sembène, tó ti jẹ́ òṣìṣẹ́ èbúté ní Marseille kó tó di òǹkọ̀wé, wá sídìí fíìmù lẹ́yìn rẹ̀, òkìkí rẹ̀ sì kọjá tirẹ̀ kíákíá. Irú nǹkan bẹ́ẹ̀ ti ba ọ̀rẹ́ púpọ̀ jẹ́. Kò ba tiwọn jẹ́.

Ní ọdún 1972, Vieyra kọ odidi ìwé kan lórí Sembène, nígbà tí ọ̀pọ̀ àwọn onímọ̀ ní Yúróòpù kò tíì mọ orúkọ ọkùnrin náà. Ó tún di alábòójútó iṣẹ́ lórí àwọn fíìmù rẹ̀, lára wọn Xala àti Ceddo. Òun ló ń rí i pé owó, ènìyàn àti ohun èlò débi tó yẹ kí wọ́n dé lásìkò. Irú iṣẹ́ yìí kì í gbé orúkọ ẹni sára pátákó, ṣùgbọ́n láìsí i, fíìmù kò lè parí.

Nígbà tí wọ́n ń ya Ceddo, Vieyra gbé kámẹ́rà tirẹ̀ dání pẹ̀lú. Èyí ló di L'Envers du décor, tó jáde ní ọdún 1981, tó fi Sembène hàn lẹ́nu iṣẹ́, bó ṣe ń darí àwọn òṣèré àti bí nǹkan ṣe ń le. Fíìmù yìí ní iyì mìíràn, nítorí pé Ceddo, tó sọ̀rọ̀ nípa ẹ̀sìn, ọba àti òwò ẹrú, kò rọgbọ fún ìjọba Senghor. Ìjọba fòfin dè é ní Senegal. Àwáwí tí wọ́n fi bojú ni pé ó yẹ kí wọ́n kọ àkọlé rẹ̀ pẹ̀lú lẹ́tà d kan ṣoṣo dípò méjì. Ìjọba tó ti fi ọ̀pọ̀ ọdún gba iṣẹ́ lọ́wọ́ Vieyra ló fòfin de fíìmù tí òun náà ṣòpò lé lórí.

Fíìmù gígùn kan ṣoṣo

Ní àwọn ọdún 1970, Vieyra ṣiṣẹ́ gẹ́gẹ́ bí olùdarí ètò ní ilé iṣẹ́ rédíò àti ẹ̀rọ amóhùnmáwòrán Senegal. Ó tún kọ́ àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ní CESTI, ilé ẹ̀kọ́ iṣẹ́ ìròyìn tó wà ní Yunifásítì Dakar.

Ọdún 1981 ni ọdún tó so jù fún un. Yàtọ̀ sí L'Envers du décor, ó ṣe fíìmù kan lórí Birago Diop, dókítà ẹran tó di ìlú mọ̀ọ́ká nídìí ìtàn àlọ́. Ní ọdún tó tẹ̀lé e, ó ṣe òmíràn lórí Iba N'Diaye, oníṣẹ́ ọnà tó ń kun àwòrán. Ó dà bí ẹni pé ó mọ̀ pé àwọn àgbà ń lọ, ó sì fẹ́ kí ojú àti ohùn wọn wà nílẹ̀.

Ọdún 1981 náà ni En résidence surveillée jáde, fíìmù gígùn kan ṣoṣo tó ṣe láyé rẹ̀. Ó gbé e kalẹ̀ sí orílẹ̀-èdè Áfíríkà kan tí kò sí lórí àwòrán ilẹ̀ ayé, níbi tí ààrẹ, àwọn olóyè ìjọba àti àwọn ológun ti ń ṣọ́ ara wọn lójú lórí àga agbára. Ọkùnrin tó ti fi ogún ọdún ya àwòrán àwọn ààrẹ nígbà tí wọ́n ń rẹ́rìn-ín sí kámẹ́rà ló wá fi ohun tí kò lè fi sínú fíìmù ìròyìn hàn. Ó ti rí bí agbára ṣe ń ṣiṣẹ́ lẹ́yìn àtẹ́wọ́. Ohun tó rí ló pa dà sí ìtàn.

Fíìmù náà kò rìn jìnnà. Àwọn tó yẹ kó wò ó jù kò fi bẹ́ẹ̀ rí i wò, bẹ́ẹ̀ ni ìṣòro tó ti ń kọ nípa rẹ̀ láti ọdún 1969 ṣe wá bá iṣẹ́ tirẹ̀ fínra.

Ìdílé àti ikú rẹ̀

Ìyàwó rẹ̀, Myriam Warner-Vieyra, jẹ́ ọmọ Guadeloupe. Òun náà di òǹkọ̀wé tí wọ́n mọ̀ káàkiri, pàápàá nítorí ìwé ìtàn àròsọ rẹ̀, Juletane, tó jáde ní ọdún 1982. Ìwé náà sọ nípa obìnrin kan láti erékùṣù Karíbíà tó fẹ́ ọmọ Áfíríkà, tó sì dé ilé ọkọ láti bá orogún. Dakar ni àwọn méjèèjì fi ṣe ilé, ibẹ̀ ni wọ́n sì ti tọ́ àwọn ọmọ wọn.

Ọjọ́ kẹrin, oṣù Kọkànlá, ọdún 1987 ni Vieyra kú ní Paris. Ọmọ ọdún méjìlélọ́gọ́ta ni. Ní ọdún 1990, ìwé rẹ̀ mìíràn tún jáde lẹ́yìn ikú rẹ̀, tó kó èrò rẹ̀ nípa iṣẹ́ fíìmù jọ.

Ogún tó fi sílẹ̀

Ní àjọ̀dún FESPACO, àwọn olámèyítọ́ fíìmù ilẹ̀ Áfíríkà ní ẹ̀bùn kan tí wọ́n fi orúkọ Paulin Soumanou Vieyra pè. Ọ̀dọ́ tó bá gba ẹ̀bùn náà lónìí lè má tíì wo fíìmù rẹ̀ kankan rí.

Apá kan ìdí rẹ̀ ni pé fíìmù àtijọ́ kì í pẹ́ nínú ooru àti ọ̀rinrin. Bí kò bá sí ibi tútù tí wọ́n ń tọ́jú rẹ̀ sí, yóò súnkì, yóò máa rùn bí ọtí kíkan, àwòrán rẹ̀ yóò sì máa pa rẹ́. Títọ́jú rẹ̀ ń náni lówó lọ́dọọdún, ìwọ̀nba sì ni ìjọba ilẹ̀ Áfíríkà tó ti fi èyí sínú ìṣirò ìnáwó rẹ̀. Àwọn ìwé, lẹ́tà, fọ́tò àti àwọn ohun mìíràn tí Vieyra fi sílẹ̀ ti wà ní Yunifásítì Indiana ní Amẹ́ríkà báyìí, níbi tí àwọn onímọ̀ ti ń yẹ̀ wọ́n wò. Àwọn ọmọ rẹ̀ náà kò sinmi láti máa tún àwọn fíìmù rẹ̀ ṣe kí wọ́n lè tún hàn lójú àgbo.

Ó dára pé wọ́n wà níbi tí wọn kò ti ní bàjẹ́. Àmọ́, ohun tó ń dun àwọn tó mọ ìtàn rẹ̀ ni pé akẹ́kọ̀ọ́ láti Àjàṣẹ́, Dakar tàbí Èkó tó bá fẹ́ fọwọ́ kan àwọn ìwé náà gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ wá físà ilẹ̀ òkèèrè. Ìwé ìyọ̀ǹda ló dí Vieyra lọ́nà ilé ní ọdún 1955. Ìwé ìyọ̀ǹda mìíràn ló tún wà láàárín ọ̀pọ̀ ọmọ ilẹ̀ Áfíríkà àti iṣẹ́ rẹ̀ báyìí.

Lónìí, ẹni tó ní fóònù lọ́wọ́ ní Ìbàdàn tàbí ní Cotonou lè ya fíìmù nípa àdúgbò rẹ̀ kí ilẹ̀ tó ṣú, kí gbogbo ayé sì wò ó kí ilẹ̀ tó mọ́. Kò nílò ìwé lọ́dọ̀ gómìnà kankan. Ohun tí àṣẹ Laval fi de ọwọ́ àwọn baba ti tú kúrò lọ́wọ́ àwọn ọmọ. Ṣùgbọ́n ìbéèrè tí Vieyra fi ìgbésí ayé rẹ̀ bèèrè ṣì wà nílẹ̀: ta ló ni ojú tí a fi ń wo ara wa, ta ló ni ọjà tí a ti ń tà á, ta ni yóò sì tọ́jú rẹ̀ nígbà tí àwa kò bá sí mọ́?